Tọ́báìnì afẹ́fẹ́ 50 MW: ọwọ́ ta ni ká ti rà á? Ẹ̀yin ọmọ Èkìtì, ẹ bá mi dá sí i

Ọmọ_Ìkọ̀lé · Ọjọ́ Àìkú, 9:20 alẹ́

Ẹ kú alẹ́ o gbogbo ilé. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà níbi ìpàdé Adó ní Sátidé mọ̀ pé àwa ọmọ Èkìtì kan, tilé tòkè òkun, ń kó owó jọ láti gbé iná afẹ́fẹ́ kalẹ̀, 50 MW la ń wò (MW ni mẹ́gáwáàtì, ìwọ̀n agbára iná, kW ẹgbẹ̀rún kan ló wà nínú ọ̀kan). Wọ́n wá fi mí ṣe akọ̀wé ìgbìmọ̀ tó máa yan ilé-iṣẹ́ tá a máa ra tọ́báìnì lọ́wọ́ ẹ̀, ìyẹn ẹ̀rọ tí afẹ́fẹ́ ń yí kó tó mú iná wá. Mo rò pé iṣẹ́ wẹ́wẹ́ ni. Haà! Láti àná, ẹni mẹ́ta ló ti pè mí. Ọ̀kan ní Vestas ti Denmark ni kí n kọ sílẹ̀, pé àwọn ni baba gbogbo wọn, kí n má wulẹ̀ wo ẹlòmíì. Ìkejì ní Goldwind ti Ṣáínà, pé ọwọ́ wa á ká a. Ìkẹta, ọmọ wa kan tó wà ní Jámánì, ní òun mọ ibi tí wọ́n ti ń tú àwọn tí wọ́n ti lò, tòkúnbọ̀ tó ṣì mọ́ kedere, pé ìdajì owó la máa fi rà á.

Ibi tá a máa gbé e sí gan-an, ẹnu ò tíì kò. Àwọn kan ní orí òkè Ẹ̀fọ̀n, kí àwọn ará ilé náà rí i kí wọ́n yọ̀, àwọn kan ní ká lọ gbalẹ̀ lápá Jos lọ́hùn-ún. Ọ̀sẹ̀ méjì ni wọ́n fún mi láti mú orúkọ mẹ́ta wá. Ẹ jọ̀ọ́, orúkọ ta ni kí n kọ?

BàbáNEPA · 9:47 alẹ́

Akọ̀wé, ẹ kú uṣẹ́ o. Ọdún 31 ni mo lò lẹ́nu iṣẹ́ iná kí n tó fẹ̀yìn tì, nítorí náà ẹ fara balẹ̀ gbọ́ mi. Bàtà lò ń rà yìí ọmọ mi, o ò sì tíì wọn ẹsẹ̀. Ta ló gun òkè Ẹ̀fọ̀n lọ fi irinṣẹ́ wọn afẹ́fẹ́ ibẹ̀? Àbí torí pé gèlè àwọn ìyàwó yín ń fẹ́ lẹ́lẹ́ lọ́jọ́ tẹ́ ẹ lọ ya fọ́tò níbẹ̀ lẹ ṣe ní afẹ́fẹ́ wà?

Ọmọ_Ìkọ̀lé · 9:52 alẹ́

Bàbá, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má bínú 😂 òótọ́ ni, a ò tíì wọn nǹkan kan. Alága wa ló ní ká kọ́kọ́ mọ iye tí ẹ̀rọ ń lọ kó tó di pé a ń náwó sórí ìwọ̀n.

Ẹnjiníà_Ọ̀yẹ́ · 10:15 alẹ́

Bàbá ti sọ ọ́. Ẹ jẹ́ kí n là á sí i díẹ̀ torí ibẹ̀ gan-an ni owó ti máa ń wọgbó. Agbára tó wà nínú afẹ́fẹ́ kì í ga bá a ṣe rò, bí afẹ́fẹ́ bá fi ìlọ́po méjì yára sí i, agbára inú ẹ̀ á di ìlọ́po mẹ́jọ. Tó bá wá fi ìdajì rọlẹ̀, ìdá kan nínú mẹ́jọ ló kù fún yín. Ẹ mú tọ́báìnì Vestas kan tí wọ́n ń pè ní V126, 3.45 MW lórúkọ ẹ̀, bíléèdì ẹ̀, apá gígùn tí afẹ́fẹ́ ń yí, ń yí òbìrí tó fẹ̀ ní mítà 126. Níbi tí afẹ́fẹ́ bá ti ń sáré 8 m/s (mítà mẹ́jọ ní ìṣẹ́jú àáyá kan), mo ṣírò ẹ̀ níbí, ó lè máa fún yín ní bíi 1.5 MW lásìkò yẹn. Ẹ gbé òun kan náà, owó kan náà, lọ síbi tí afẹ́fẹ́ ẹ̀ jẹ́ 4 m/s, kò ní ju bíi 200 kW lọ. Tọ́báìnì púpọ̀, 3 m/s ni wọ́n sáà ń bẹ̀rẹ̀ sí í jí, tó bá wá di bíi 25 m/s wọ́n á dá ara wọn dúró kí nǹkan má baà fọ́.

Gúúsù ibi tá a wà yìí, igbó àti òkè ló yí wa ká, afẹ́fẹ́ wa kì í le tó ti Jos tàbí Kàtísínà. Mi ò ní orí òkè ò ní dáa o, orí òkè lè yàtọ̀ sí ìsàlẹ̀ pátápátá, àmọ́ àfi kẹ́ ẹ ri òpó ìwọ̀n mọ́lẹ̀ kẹ́ ẹ fi sílẹ̀ fún oṣù 12 ó kéré tán, ọyẹ́ àti òjò méjèèjì ni kó kọjá lórí ẹ̀.

Ìdí tí mo fi ń sọ èyí nínú ọ̀rọ̀ pé ta ni ká rà lọ́wọ́ ẹ̀ ni pé ilé-iṣẹ́ kan náà máa ń ní oríṣiríṣi. Kíláàsì wà, IEC, àjọ àgbáyé tó ń ṣe ìlànà ẹ̀rọ iná, ló gbé e kalẹ̀: Class I fún ibi tí afẹ́fẹ́ ẹ̀ ń tó 10 m/s tẹ́ ẹ bá pín in dọ́gba lọ́dún, Class II 8.5, Class III 7.5. Vestas yẹn kan náà ní V112 àti V126 tó jẹ́ pé 3.45 MW ni àwọn méjèèjì, àmọ́ V126 fi bíi ìdá mẹ́rin kan fẹ̀ ju èkejì lọ lójú afẹ́fẹ́. Ti afẹ́fẹ́ líle ni V112, ti afẹ́fẹ́ tí kò le tó bẹ́ẹ̀ ni V126. Ẹni tó bá ní "ẹ sáà ra Vestas" kò tíì sọ nǹkan kan fún yín.

Jẹ́jẹ́_Adó · 10:31 alẹ́

Ìbéèrè kan péré ni tèmi. Ṣé ẹ̀rọ ìgúnyán á ṣiṣẹ́ lórí ẹ̀? Torí tí 200 kW yẹn ò bá lè gún uyán, èmi ò dá owó o.

BàbáNEPA · 10:33 alẹ́

Ìwọ lọ sùn jàre.

Awakọ̀_Lobẹ́ẹ̀dì · Ọjọ́ Ajé, 6:05 àárọ̀

Ẹ káàárọ̀ o. Mo kà á láti òkè dé ilẹ̀, kò sẹ́ni tó dárúkọ títì. Ẹ̀gbọ́n Ẹnjiníà, báwo ni bíléèdì V126 yẹn ṣe gùn tó?

Ẹnjiníà_Ọ̀yẹ́ · 6:40 àárọ̀

Bíi mítà 62. Ẹyọ kan péré o, wọn kì í gé e sí méjì.

Awakọ̀_Lobẹ́ẹ̀dì · 6:58 àárọ̀

Mítà 62! Kọ̀ǹténà gígùn tẹ́ ẹ máa ń rí lẹ́yìn tírélà, mítà 12 ni. Ẹ to márùn-ún tẹ̀lé ara wọn, kẹ́ ẹ wá ní kí n fi gba kọ́nà Ẹ̀fọ̀n kọjá.

Ẹ jẹ́ kí n ròyìn ọjọ́ kan fún yín. Mo gbé ẹ̀rọ ńlá kan láti Èkó ń bọ̀ ní Adó, lobẹ́ẹ̀dì ni, tírélà tí ìdí ẹ̀ rẹlẹ̀, kò sì gùn tó ìdá mẹ́ta bíléèdì yẹn. Títí dé Iléṣà kò sí wàhálà, mo kọjá Ìtàwúrẹ́, ìgbà tó di kọ́nà tí òkè wà lápá kan tí ihò wà lápá kejì, orí ọkọ̀ ti yí tán, ìdí ò tẹ̀ lé e. Táyà ẹ̀yìn kan kò kan ilẹ̀ mọ́, orí gọ́tà ló wà tó ń yí lófìfo. Ọmọ ọkọ̀ mi gbé òkúta dání ó ń sáré láti táyà yìí sí táyà yẹn, bí mo bá rìn ní ṣísẹ̀ kan á sọ òkúta sídìí ẹ̀, mo tún rìn ṣísẹ̀ kan. Agogo mọ́kànlá àárọ̀ la débẹ̀, ìgbà tá a kúrò níbẹ̀ wọ́n ti ń kírun àṣálẹ́ ní mọ́ṣáláṣí. Àwọn mọ́tò tó wà lẹ́yìn wa ṣẹ́ èpè fún mi tó lè pa màlúù.

Bíléèdì mẹ́ta ni tọ́báìnì kan. Bí ẹ bá ra 15, bíléèdì 45 nìyẹn. Ilé-iṣẹ́ tẹ́ ẹ bá fẹ́ yàn, ẹ bi wọ́n pé èyí tó kéré jù tí wọ́n ní ńkọ́, ta ló sì máa gé kọ́nà yẹn kó lè fẹ̀.

Arìnrìnàjò_Ọ̀tùn · 8:22 àárọ̀

Ọ̀rọ̀ awakọ̀ yìí mú mi rántí Kenya. Mo ti ṣiṣẹ́ ní Nairobi rí. Ẹ ti gbọ́ nípa Lake Turkana? Tọ́báìnì 365 ló wà níbẹ̀, Vestas ni gbogbo ẹ̀, 310 MW lápapọ̀. Ẹ wo nǹkan tí wọ́n ṣe: wọn ò ra èyí tó tóbi. V52 ni wọ́n rà, 850 kW péré lẹ́yọ kan, tó jẹ́ pé bíléèdì ẹ̀ bíi mítà 25 ni, nígbà tó jẹ́ pé èyí tó fi ìlọ́po mẹ́ta ju bẹ́ẹ̀ lọ ti wà lọ́jà. Ibi tó jìnnà nínú aṣálẹ̀ ni, títì ò dáa, kíréènì ńlá ò sì pọ̀. Pẹ̀lú ẹ̀ náà, wọ́n ṣì tún títì bíi kìlómítà 200 ṣe kí ẹrù tó dé. Afẹ́fẹ́ ibẹ̀ sì ń tó 11 m/s o, kì í ṣe ti òkè Ẹ̀fọ̀n.

Àmọ́ ibi tó dùn mí jù nìyí. 2017 ni wọ́n ti to tọ́báìnì tán, gbogbo 365. Wáyà tó máa gbé iná lọ, bíi kìlómítà 430, kò tíì sí. Ilé-iṣẹ́ Spain tó gba iṣẹ́ wáyà wọ gbèsè, ó kógbá wọlé, àwọn ará Ṣáínà ló wá parí ẹ̀, ó di oṣù kẹsàn-án 2018 kí iná tó wọ ìlú. Gbogbo àsìkò yẹn tọ́báìnì dúró lórí ìdúró, ìjọba Kenya sì ní láti san owó ìtanràn. Vestas ò jẹ̀bi nínú ìyẹn rárá, wọ́n ti ṣe tiwọn.

Ọmọ_Ìkọ̀lé · 8:40 àárọ̀

Ẹ̀yin èèyàn yìí ẹ fẹ́ pa mí. Mo ní kẹ́ ẹ fún mi lórúkọ mẹ́ta, ìṣòro mẹ́tàlá lẹ fún mi.

Ọmọ_Èkìtì_Jámánì · 11:10 àárọ̀

Èmi ni ẹni tó sọ ọ̀rọ̀ tòkúnbọ̀, kí n kúkú jẹ́wọ́. Ẹ má fojú kéré ẹ̀. Níbí, ọdún 2000 ni òfin tó ń gbé iná afẹ́fẹ́ lárugẹ jáde, ọdún 20 ni wọ́n fi ń fún wọn lówó ìrànwọ́, nítorí náà láti ìparí 2020 ni ọ̀pọ̀ ti ń tú tiwọn palẹ̀ kí wọ́n lè gbé èyí tó tóbi sí i síbẹ̀. Àwọn Enercon kan wà nínú ẹ̀ tí kò ní gíábọ́ọ̀sì rárá, ara bíléèdì ló so mọ́ jẹnẹrétọ̀ tààrà. Mọ́tò tòkúnbọ̀ kọ́ ni gbogbo wa ń wọ̀ nílé ni? Bíléèdì wọn ò gùn, á gba kọ́nà awakọ̀ wa.

Ẹnjiníà_Ọ̀yẹ́ · 11:48 àárọ̀

Ẹ̀gbọ́n, mo bọ̀wọ̀ fún yín àmọ́ mọ́tò kọ́ nìyẹn. Tọ́báìnì tó bá ti yí fún ọdún 20, bíléèdì ẹ̀ ti ṣẹ́ra bọ̀ bọ̀ bọ̀ lójoojúmọ́, ẹ ò lè fi ojú rí i. Kọ̀ǹpútà tó ń darí ẹ̀ náà, bó bá jóná ibo lẹ ti fẹ́ ri òmíràn, ilé-iṣẹ́ tó ṣe é gan-an lè ti dẹ́kun àtiṣe é. Mọ́tò tòkúnbọ̀ bá bàjẹ́ ní Ìjerò, mẹkáníìkì mẹ́wàá wà lábẹ́ igi. Mẹkáníìkì Enercon mélòó lẹ mọ̀ ní Ìjerò?

Ti àìní gíábọ́ọ̀sì yẹn, òótọ́ lẹ sọ, Goldwind náà ń ṣe èyí tí kò ní in. Gíábọ́ọ̀sì ni ọ̀kan nínú ohun tó máa ń yọni lẹ́nu jù tó bá bàjẹ́, torí kíréènì lẹ máa fi sọ ọ́ kalẹ̀. Èyí tí kò ní gíábọ́ọ̀sì, jẹnẹrétọ̀ ẹ̀ máa ń tóbi ó sì máa ń wúwo ni, kò sí èyí tó pé. Kódà tọ́báìnì 3 MW tó ní gíábọ́ọ̀sì, ilé ẹ̀rọ tó wà lórí òpó máa ń súnmọ́ tọ́ọ̀nù 70. Ẹ wá máa fojú inú wo kíréènì tó máa gbé ìyẹn sókè mítà 100 àti jù bẹ́ẹ̀ lọ lórí òkè.

Ìyá_Gàrí · 1:15 ọ̀sán

Ẹ̀yin ọmọ mi, mi ò mọ̀wé tọ́báìnì o. Nǹkan tó ṣe mí ni mo fẹ́ sọ. Èmi ni mo ní ilé ìlọ ẹ̀gẹ́ nítòsí Ìsẹ̀. Lọ́dún méjì sẹ́yìn, mo ta ilẹ̀ mi kan, mo fi ra sólà àti ínfátà ńlá kó máa lọ ẹ̀gẹ́ fún mi, torí dísẹ́ẹ̀lì ti wọ́n. Ọmọkùnrin tó tà á fún mi mọ̀ ọ́n sọ, ó wọ táì, orúkọ ńlá ló wà lára ẹ̀rọ náà, gbogbo èèyàn ní mo ra ojúlówó. Ojúlówó ni lóòótọ́.

Oṣù keje tó pé, mo dé ṣọ́ọ̀bù láàárọ̀, iná pupa kan ń ṣẹ́jú lára ẹ̀. Ọmọ mi kà á, ó ní "Màámi, páásíwọ́ọ̀dù ló ń béèrè." Páásíwọ́ọ̀dù wo? A pe ọmọkùnrin yẹn, nọ́ńbà ò lọ. A pe ọ́fíìsì wọn l'Ékòó, wọ́n ní kò sí lọ́dọ̀ àwọn mọ́, ó ti lọ òkè òkun, wọ́n á rán ẹlòmíì wá. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà! Ẹ̀gẹ́ tí mo ti bó ní báàgì méjìdínlógún wà nínú agbada ńlá, omi ẹ̀ kọ́kọ́ di funfun, ó wá di bíi omi àrọ, àwọn aládùúgbò ní kí n wá gbé òórùn mi. Nígbà tí ẹni tí wọ́n rán dé, kò tú bóòtù kan. Ó tẹ nọ́ńbà mẹ́fà, iná pupa kú, aláwọ̀ ewé tàn. Kò lò tó ìṣẹ́jú méjì. Ó gba owó mọ́tò lọ́wọ́ mi.

Nítorí náà akọ̀wé, tí wọ́n bá ń fi fọ́tò hàn yín, ẹ bi wọ́n pé ọwọ́ ta ni páásíwọ́ọ̀dù wà.

BàbáNEPA · 1:29 ọ̀sán

Ìyá, ẹ pẹ̀lẹ́. Ẹ kú àdánù.

Jẹ́jẹ́_Adó · 1:30 ọ̀sán

Ìṣẹ́jú méjì 😭 ẹ kú ìfaradà Màmá.

Ẹnjiníà_Ọ̀yẹ́ · 2:20 ọ̀sán

Ìyá ti sọ èyí tó ṣe kókó jù láti àná. Tọ́báìnì náà ní tiẹ̀ o, SCADA ni wọ́n ń pè é, òun ni kọ̀ǹpútà tó ń ka gbogbo nǹkan: afẹ́fẹ́, ooru bíárìn, iye iná, ìdí tí ẹ̀rọ fi kú lágogo méjì òru. Oníṣẹ́ púpọ̀ ló máa ń ti apá tó pọ̀ nínú ẹ̀ pa, ẹni tó ra ẹ̀rọ á wá máa ka ìwọ̀nba tí wọ́n ṣí fún un. Bí ẹ bá bínú sí wọn lọ́dún kẹfà pé ẹ fẹ́ gba ẹlòmíì láti máa tún un ṣe, ẹni yẹn ò ní lè wọlé. Kó tó di pé ẹ buwọ́ lùwé ni wọ́n ń gba ìyẹn, nígbà tí ojú wọn ṣì ń wá yín. Ẹ bá ti sanwó tán, ẹ ti dà bí ìyá yìí.

Àdùkẹ́_Báńkì · 3:05 ọ̀sán

Ẹ káàsán ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n àti àbúrò. Báńkì ni mo ti ń ṣiṣẹ́, ẹ̀ka tó ń yáni lówó fún irú nǹkan báyìí. Ọ̀rọ̀ kan tí ẹnikẹ́ni ò tíì sọ: nínú irú iṣẹ́ yìí, owó sábà máa ń tẹ̀ lé ẹ̀rọ ni. Ti Adama ní Ethiopia, tọ́báìnì Goldwind ni wọ́n kọ́kọ́ gbé síbẹ̀, 34, 51 MW ni, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó tiyín gẹ́lẹ́. Báńkì Exim ti Ṣáínà ló gbé èyí tó pọ̀ jù nínú owó náà sílẹ̀. Ti Turkana, ìjọba Denmark ní ilé-iṣẹ́ kan tó máa ń ṣe onídùúró fún ẹrù wọn tó bá ń lọ sókè òkun. Tẹ́ ẹ bá ń wo iye tọ́báìnì nìkan láìwo èlé owó tó bá a rìn, ẹ ò tíì wo nǹkan kan.

Ìkejì, báńkì kì í fẹ́ràn mọ́dẹ́ẹ̀lì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde, bí orúkọ ẹ̀ ti lè wù kó tóbi tó. Ṣé ẹ rí Siemens Gamesa, àgbà ni wọ́n. Lọ́dún 2023 wọ́n ní àwọn rí àléébù lára tọ́báìnì orí ilẹ̀ wọn tuntun, àwọn tí wọ́n ń pè ní 4.X àti 5.X, wọ́n dá títà ẹ̀ dúró, ilé-iṣẹ́ ìyá wọn Siemens Energy pàdánù bíi bílíọ̀nù 4.6 owó yúrò lọ́dún yẹn. Ní oṣù keje 2024, bíléèdì kan tí ilé-iṣẹ́ GE Vernova ṣe ṣẹ́ sínú òkun ní Amẹ́ríkà, àfọ́kù ẹ̀ gbá lọ sí etíkun Nantucket, wọ́n ti etíkun pa. Mi ò ní kẹ́ ẹ sá fún wọn o. Ohun tí èmi máa ń bi àwọn tó wá yáwó ni pé irú èyí gan-an tẹ́ ẹ fẹ́ rà, mélòó nínú ẹ̀ ló ti ń yí níbòmíì, ó sì ti tó ọdún mélòó. Tẹ́ni yẹn bá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ìtàn ìdásílẹ̀ ilé-iṣẹ́ fún mi, mo mọ̀ pé kò sí ìdáhùn.

Ọmọ_Èkìtì_Jámánì · 3:40 ọ̀sán

Mo gbà. Mo fi tòkúnbọ̀ sílẹ̀. Àmọ́ ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́, kò sí oníṣẹ́ ńlá tó máa dá yín lóhùn tààrà fún tọ́báìnì 15. Wọ́n ń ta 100, wọ́n ń ta 200. Ẹni kékeré lè kà yín sí ju ẹni ńlá lọ.

Arìnrìnàjò_Ọ̀tùn · 4:02 ìrọ̀lẹ́

Ẹ̀gbọ́n, a ti gbìyànjú ìyẹn lórílẹ̀-èdè yìí o. Lambar Rimi ní Kàtísínà. Vergnet ti Faransé ni wọ́n yàn, tọ́báìnì 37, 275 kW lẹ́yọ kan, 10 MW lápapọ̀. Tẹ́ ẹ bá wò ó dáadáa, èrò tó wà nídìí ẹ̀ ò burú: bíléèdì méjì ló ní, òpó ẹ̀ sì ṣeé fi wíńṣì, ẹ̀rọ tó ń fi okùn fa nǹkan, sọ kalẹ̀ bí ẹni rọra tẹ́ igi sílẹ̀, kò nílò kíréènì ńlá. Irú nǹkan tí awakọ̀ wa ń fẹ́ gan-an nìyẹn. Àmọ́ láti bíi 2010 ni wọ́n ti wà lórí iṣẹ́ yẹn. Ní oṣù kejìlá 2012 àwọn agbébọn wá jí ẹnjiníà Faransé kan gbé níbẹ̀, bíi oṣù mọ́kànlá ló lò lọ́wọ́ wọn kó tó sá mọ́ wọn lọ́wọ́. Ìwọ tó jẹ́ òyìnbó oníṣẹ́, ṣé wàá tún rán èèyàn wá? Iṣẹ́ fà nílẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Ẹ wá wo Senegal, Taiba N'Diaye, tòsí Dakar. Tọ́báìnì V126 yẹn náà, 46, 158.7 MW. Ilẹ̀ tẹ́jú, èbúté ò jìnnà, wáyà wà nítòsí. Ó ń ṣiṣẹ́.

BàbáNEPA · 5:30 ìrọ̀lẹ́

Mo ti dé láti oko. Ẹ jẹ́ kí n fi tèmi kún un, torí ẹ ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé tó bá ti yí, iná ti dé nìyẹn. Irú tọ́báìnì yìí, iná gíríìdì ló ń wò kó tó ṣiṣẹ́. Tí gíríìdì bá wó, ẹ sì mọ bó ṣe ń wó, tọ́báìnì yín náà á kú, bí afẹ́fẹ́ tilẹ̀ ń fẹ́ tó ń ká òrùlé. Kẹ́ ẹ bi oníṣẹ́ náà pé tí fóltéèjì bá já wálẹ̀ lójijì fún ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀, ṣé ẹ̀rọ wọn lè fara dà á àbí kíá ló máa sá. Ẹ ní kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀. Gíríìdì wa kì í ṣe ti Denmark.

Ìkejì, Ṣàngó. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bí sí Ẹ̀fọ̀n mọ bí àrá ṣe ń sán lórí òkè yẹn ní oṣù kẹrin. Òpó mítà 117, bíléèdì tún gùn kọjá ẹ̀ sókè, òun ló máa ga jù ní gbogbo ìlú. Ṣàngó ò mọ Vestas, kò mọ Goldwind. Ẹ bi wọ́n nípa irin tó ń gbé àrá wọlẹ̀ láti ẹnu bíléèdì, àti pé tí àrá bá fọ́ bíléèdì ta ló ń sanwó, àwọn àbí ẹ̀yin. Mo ti rí tiransifọ́mà tí àrá yan bí àgbàdo, oníṣẹ́ ẹ̀ ní "iṣẹ́ Ọlọ́run ni", kò san kọ́bọ̀.

Ti ibi tẹ́ ẹ máa gbé e sí náà ò yọ lórí èyí. Òfin iná ti 2023 ti jẹ́ kí ìpínlẹ̀ máa bójú tó iná tiẹ̀, Èkìtì sì wà lára àwọn tó kọ́kọ́ gba ìṣàkóso yẹn lọ́dún 2024. Tẹ́ ẹ bá ṣe é nílé, ilé lẹ ti ń gbàṣẹ. Tẹ́ ẹ bá lọ Jos, ọ̀nà míì lẹ máa tọ̀.

Ọmọ_Ìkọ̀lé · 9:05 alẹ́

Mo ti fara balẹ̀ ka gbogbo ẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, mo tún pe alága wa. Ẹ wo ibi tí mo bá a dé, ẹ bá mi tún un ṣe.

Mi ò ní mú orúkọ mẹ́ta lọ. Mo máa ní kí ìgbìmọ̀ kọ́kọ́ náwó sórí òpó ìwọ̀n méjì, ọ̀kan l'Ẹ́fọ̀n, ọ̀kan lápá Jos, oṣù 12. Alága kígbe, ó ní àwọn tó dá owó á bínú. Mo ní tí wọ́n bá ra tọ́báìnì Class I sí ibi Class III ńkọ́, ṣé ẹ̀rín ni wọ́n máa rín? Ó dákẹ́.

Nígbà tí ìwọ̀n bá ń lọ, a máa kọ̀wé kan náà sí Vestas, Nordex, Goldwind, Envision àti Siemens Gamesa, oníṣẹ́ tọ́báìnì ni gbogbo wọn, ká wo ẹni tó máa dá wa lóhùn. Nínú ìwé yẹn a ò ní béèrè iye owó lójú ewé àkọ́kọ́ rárá. Ohun tá a máa béèrè ni pé ibo ni mẹkáníìkì yín tó súnmọ́ Nàìjíríà jù wà, ọjọ́ mélòó ló máa gbà á kó tó dé, pàátì wo lẹ máa kó pa mọ́ síbí kí ẹ̀rọ tó bẹ̀rẹ̀ sí í yí, ọmọ Èkìtì mélòó lẹ máa kọ́ níṣẹ́ gígun òpó. Àdéhùn ìtọ́jú ọdún 15, kí wọ́n sì ṣèlérí 97 nínú 100.

Àdùkẹ́_Báńkì · 9:18 alẹ́

Àbúrò, dúró lórí 97 yẹn. 97 nínú kí ni? Tó bá jẹ́ 97 nínú wákàtí ọdún, wọ́n lè jẹ́ kó kú ní gbogbo oṣù tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ jù, kó wá máa ṣiṣẹ́ dáadáa nígbà tí afẹ́fẹ́ ò sí, wọ́n á ní àwọn mú ìlérí ṣẹ. 97 nínú iná tó yẹ kó mú jáde ni kẹ́ ẹ bèèrè. Kí owó ìtanràn sì wà níbẹ̀ ní náírà àti kọ́bọ̀, rárá, ní dọ́là ni.

Ọmọ_Ìkọ̀lé · 9:21 alẹ́

Ẹ̀gbọ́n Àdùkẹ́ ẹ ṣeun gan-an, mi ò bá ti kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ti yí i padà. Mo tún fi páásíwọ́ọ̀dù Ìyá Gàrí sí ojú ewé kìíní: gbogbo kọ́ọ̀dù SCADA á wà lọ́wọ́ wa láti ọjọ́ àkọ́kọ́, nínú àpòòwé, ní báńkì.

Ìyá_Gàrí · 9:30 alẹ́

Ẹ kọ ọ́ gàdàgbà gadagba.

Ẹnjiníà_Ọ̀yẹ́ · 9:44 alẹ́

Ó dáa. Ẹ fi ooru náà sí i tó bá jẹ́ apá òkè ọya, ẹ̀rọ púpọ̀ ló ń dín iná tó ń mú jáde kù tí ooru bá ti sún mọ́ 40°C. Eruku ọyẹ́ náà ń jẹ ẹnu bíléèdì. Nípa òpó ìwọ̀n l'Ẹ́fọ̀n, ta ló ni ilẹ̀ orí òkè yẹn gan-an?

Ọmọ_Ìkọ̀lé · 9:50 alẹ́

Ilé mẹ́ta ló ní òun ló ni ín 🤦🏾 Ọjọ́bọ̀ ni a ń lọ rí wọn, ọtí àti obì ti wà nílẹ̀.

Awakọ̀_Lobẹ́ẹ̀dì · 10:12 alẹ́

Ìtàwúrẹ́ lẹ máa gbà lọ́jọ́bọ̀ yẹn àbí Àrámọ̀kọ? Tó bá jẹ́ Ìtàwúrẹ́, ẹ já mi níbi kọ́nà yẹn. Mo ní téèpù mítà 50, ọmọ ọkọ̀ mi á mú okùn tó kù wá, a máa fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà bíléèdì sílẹ̀ kẹ́ ẹ fojú ara yín rí ibi tí ìdí ẹ̀ máa dé.

Jẹ́jẹ́_Adó · 10:15 alẹ́

Mò ń bọ̀. Èmi ni mo máa dá mọ́tò dúró.